Itọ́ ni òwe náà bá wí, kì í ṣe amọ̀

Ẹnìkan bi mí bóyá òótọ́ ni pé ilé alámọ̀ ni àwọn àgbà ń bá wí nígbà tí wọ́n ní, "Ilé tí a fi itọ́ mọ, ìrì ni yóò wó o." Ó ní ibi àpèjẹ kan níhìn-ín ní Òṣogbo ni òun ti gbọ́ ọ, tí ọkùnrin kan fi àwòrán mọ́ṣáláṣí ńlá Djenné ní ilẹ̀ Málì han àwọn èèyàn, tó sì ní ilé itọ́ gan-an nìyẹn, nítorí pé ọdọọdún ni wọ́n ń rẹ́ ẹ. Ọ̀rọ̀ náà bí mi nínú. Ọmọ amọlé ni mí, mo sì ti po amọ̀ kí n tó mọ ìwé kà.

Òwe náà kò mẹ́nu ba amọ̀ rárá. Itọ́ ló dárúkọ. Kí ni itọ́ ń wá nídìí ilé mímọ? Tèmi ni pé omi tí kò tó ni itọ́ náà dúró fún. Nígbà tí a wà lọ́mọdé, odò ni a ti ń pọnmi wá síbi tí wọ́n ti ń po amọ̀, ọ̀nà sì jìn. Bí omi kò bá kárí, bàbá mi yóò fi ẹsẹ̀ kan tẹ amọ̀ náà wò, yóò ní, "Ta ló tutọ́ síbí?", a ó sì gbé korobá padà sódò. Amọ̀ tí omi kò kárí a máa ní kókó nínú, kì í di ara rẹ̀ mú, ògiri tí wọ́n bá sì fi í mọ kò ní pẹ́ ya. Ọ̀lẹ tí kò fẹ́ dé odò ni òwe náà ń bú. Àwọn tó ń pa á fún onílérí asán kò jẹ̀bi, ṣùgbọ́n ẹ̀ka ìtumọ̀ rẹ̀ nìyẹn, kì í ṣe gbòǹgbò.

Djenné kò jìnnà sódò rárá. Ẹ̀bá odò Bani ni ìlú náà wà, omi a sì máa yí i ká nígbà ìkún. Ìdí nìyí tí wọ́n fi gbé mọ́ṣáláṣí náà ka orí pèpéle tó ga tó mítà 3, tí ẹ̀gbẹ́ kọ̀ọ̀kan rẹ̀ gùn tó mítà 75. Èèpo ìrẹsì ni wọ́n ń pò mọ́ amọ̀ náà, wọn a sì rẹ ẹ́ sínú omi fún ọjọ́ mélòó kan títí yóò fi kan. Àwọn igi ọ̀pẹ tó yọ síta lára ògiri, tí wọ́n ń pè ní toron, kì í ṣe ọ̀ṣọ́ lásán: òun ni àwọn amọlé ń gùn bí àkàbà lọ́jọ́ tí gbogbo ìlú bá ń rẹ́ ògiri, tí àwọn obìnrin ń pọnmi, tí àwọn ọ̀dọ́kùnrin sì ń sáré ru amọ̀.

Ìtàn wọn sọ pé Koi Konboro, ọba tó gba ẹ̀sìn Ìsìláàmù ní ọ̀rúndún kẹtàlá, ló kọ́ mọ́ṣáláṣí àkọ́kọ́ síbẹ̀. Nígbà tí Seku Amadu, aṣáájú ẹ̀sìn Ìsìláàmù tó dá ìjọba Massina sílẹ̀, gba ìlú náà ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, kò fẹ́ ilé náà, síbẹ̀ wọ́n ní kò gbé ọwọ́ lé e. Ọ̀nà tí omi òjò ń gbà kúrò lórí òrùlé ló ní kí wọ́n dí, kí òjò lè bá òun wó o. Ṣé ilé itọ́ nìyẹn? Ilé itọ́ ì bá ti wó tipẹ́ kí ọ̀tá tó máa wá ọgbọ́n sí i. Èyí tó wà níbẹ̀ lónìí, ọdún 1907 ni wọ́n parí rẹ̀ lábẹ́ ìjọba Faransé, Ismaila Traoré, olórí ẹgbẹ́ àwọn amọlé ìlú náà, ló sì darí iṣẹ́ náà.

Àwa tiwa ti gbàgbé pé ìtọ́jú ni rírẹ́ ilé, kì í ṣe àbùkù. Símẹ́ńtì la fi ń bo ògiri alámọ̀ báyìí, a sì rò pé a ti là. Símẹ́ńtì á ya, omi á gba ibẹ̀ wọlé, kò ní rí ọ̀nà jáde, amọ̀ inú á sì máa rọ̀ láìsí ẹni tó mọ̀. Lára ògiri tí bàbá mi mọ sí ẹ̀yìnkùlé wa, apá tí a fi símẹ́ńtì bò ló kọ́kọ́ wó. Apá tí ìyá mi máa ń fi amọ̀ rẹ́ kí òjò tó dé ṣì wà ní ìdúró.