Láti Perpignan dé Barcelona lórí ọkọ̀ ojú irin kékeré: ìdáhùn fún ìyá tí ó fẹ́ gba Cerbère kọjá

Arábìnrin wa, ẹ kú ìmúra ìrìn àjò. Ẹ béèrè pé, nígbà tí ẹ bá ń gbé ọmọ yín ọmọ ọdún mẹ́jọ láti Perpignan ní Faransé lọ kí àbúrò yín ní Barcelona ní Sípéènì, ṣé Cerbère, ìlú ẹ̀bá ààlà ní apá Faransé, ni ẹ ó ti pààrọ̀ ọkọ̀ tàbí Portbou, èyí tí ó wà ní apá Sípéènì, ṣé tíkẹ́ẹ̀tì kan ṣoṣo lè gbé yín láti Perpignan dé ọ̀hún, àti pé ṣé ibi ìsinmi wà ní ibùdó náà bí ọkọ̀ bá pẹ́. Mo mọ ọ̀nà náà dáadáa, nítorí pé ojú mi rí màbo lórí rẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ èyí tí ẹ kò béèrè, nítorí òun gan-an ni ó lè dá yín dúró. Ọ̀rọ̀ ọkọ̀ fúnra rẹ̀ kò le.

Ọ̀rọ̀ ìwé ni mò ń sọ. Ẹ kọ ọ́ pé ẹ ní ìwé ìgbélùú Faransé, ṣùgbọ́n ẹ kò sọ irú èyí tí ó jẹ́, ẹ kò sì sọ ohunkóhun nípa ìwé ti ọmọ. Òfin Schengen, ìyẹn àdéhùn ààlà tí Faransé, Sípéènì àti àwọn orílẹ̀-èdè Yúróòpù mìíràn jọ wà nínú rẹ̀, sọ pé ẹni tí ó bá ní káàdì ìgbélùú tí ọjọ́ rẹ̀ kò tíì kọjá láti orílẹ̀-èdè kan nínú àwọn tí ó wà nínú àdéhùn náà, tí ó sì ní ìwé ìrìnnà ìlú rẹ̀ tí ọjọ́ tirẹ̀ náà kò tíì kọjá, lè lọ sí àwọn orílẹ̀-èdè yòókù fún àádọ́rùn-ún ọjọ́ nínú ọgọ́sàn-án ọjọ́. Ìwé méjèèjì ni ó gbọ́dọ̀ wà lọ́wọ́ yín, nítorí pé ọ̀kan kò lè dúró fún èkejì, àwòrán wọn nínú fóònù kò sì lè dúró fún ìkankan. Ṣùgbọ́n bí ó bá jẹ́ pé récépissé ni ẹ ní, ìyẹn ìwé tí wọ́n máa ń fún ni pé a ti béèrè káàdì àkọ́kọ́ àti pé wọ́n ṣì ń yẹ̀ ẹ́ wò, ẹ jọ̀wọ́, ẹ má wọ ọkọ̀ yẹn. Òfin ààlà Schengen fúnra rẹ̀ yọ irú ìwé bẹ́ẹ̀ kúrò nínú ohun tí à ń pè ní ìwé ìgbélùú. Ó lè jẹ́ kí ẹ máa gbé Faransé, ó sì lè jẹ́ kí ẹ máa ṣiṣẹ́ níbẹ̀ bí wọ́n bá kọ bẹ́ẹ̀ sí ara rẹ̀, ṣùgbọ́n kò ṣí ilẹ̀kùn Sípéènì, kò sì ṣí ti Faransé padà fún ẹni tí ó bá ti jáde.

Bí mo ṣe mọ èyí nìyí. Récépissé àkọ́kọ́ ni mo ní nígbà náà, físà tí mo fi wọ Faransé sì ti parí. Kí n tó kúrò nílé, mo lọ sí ọ́fíìsì kan tí wọ́n ti ń ṣe ìwé fún àwọn àjèjì, mo tò títí ó fi kàn mí, mo fi ìwé náà han òṣìṣẹ́ tí ó jókòó lẹ́yìn gíláàsì, mo sì sọ fún un ní kedere pé mo fẹ́ lọ sí Barcelona kí n sì padà. Ó wo ìwé náà, ó tì í padà sí mi láti abẹ́ gíláàsì, ó ní kò séwu. Mo tún béèrè lẹ́ẹ̀kejì, ó ní òun ti dá mi lóhùn. Mo lọ, kò sí ẹni tí ó bi mí ní ohunkóhun ní àlọ. Ẹ kíyè sí èyí dáadáa, nítorí ọ̀pọ̀ ènìyàn ni yóò sọ fún yín pé àwọn kọjá, kò sì sí nǹkan kan tí ó ṣẹlẹ̀. Òótọ́ ni wọ́n ń sọ, ṣùgbọ́n àlọ ni wọ́n ń sọ.

Láti oṣù kọkànlá ọdún 2015 ni Faransé ti dá àyẹ̀wò padà sí ààlà rẹ̀ pẹ̀lú àwọn aládùúgbò rẹ̀, wọ́n sì ń sún un síwájú láti ìgbà náà. Nítorí náà, ẹni tí ó ń ti Sípéènì bọ̀ ni wọ́n ń dúró dè. Ní àbọ̀ mi, ilẹ̀ ti ṣú, àwọn agbófinró wọlé, wọ́n gba ìwé lọ́wọ́ mi, wọ́n sì ní kí n sọ̀kalẹ̀. Mo ṣàlàyé pé Faransé ni mò ń gbé, mo fi ìwé owó ilé àti ìwé iṣẹ́ hàn, mo sọ ohun tí òṣìṣẹ́ yẹn sọ fún mi. Ọ̀kan nínú wọn dáhùn pé bóyá ẹni náà ṣì mí gbọ́. Wọ́n tẹ ìwé kan jáde tí ó sọ pé wọn kò gbà mí wọlé, wọ́n ní kí n fọwọ́ sí i, wọn kò sì fún mi láyè tó láti kà á tán. Àdéhùn kan wà láàárín Faransé àti Sípéènì láti ọdún 2002 tí ó jẹ́ kí wọ́n lè tètè dá ènìyàn padà sí apá kejì ààlà, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe dá mi padà ní alẹ́ ọjọ́ náà bí ẹrù tí kò ní olówó. Kò sí ọkọ̀ mọ́. Gbọ̀ngàn ibùdó ti wà ní títì. Atẹ́gùn tí wọ́n ń pè ní tramontane, èyí tí ó máa ń ti àríwá fẹ́ wá sí etíkun náà, ń fẹ́ lọ́nà tí ènìyàn kò fi lè dúró láìfara ti ògiri. Ẹ̀yìn ògiri yẹn ni mo wà títí ilẹ̀ fi mọ́, pẹ̀lú báàgì mi láàárín ẹsẹ̀ mi, tí mo sì ń ronú pé ó yẹ kí n wà níbi iṣẹ́ ní òwúrọ̀ ọjọ́ yẹn.

Ọ̀rọ̀ náà kò parí síbẹ̀. Físà ìpadà ni mo ní láti lọ gbà lọ́dọ̀ kọ́ńsúlù Faransé ní Barcelona, pẹ̀lú àwòrán tuntun, ìwé láti ibi iṣẹ́, ẹ̀rí ilé tí mò ń gbé, owó, àti ìdúró. Owó ilé ìtura ń lọ, ọ̀gá mi ń pè, èmi kò sì lè sọ ọjọ́ tí n ó dé. Òṣìṣẹ́ tí ó ní kò séwu kò pàdánù kọ́bọ̀ kan nínú gbogbo èyí, inú mi kò sì tíì rọ̀ sí i títí di òní. Ìdí nìyẹn tí mo fi ń sọ fún gbogbo ẹni tí ó bá béèrè pé, bí òṣìṣẹ́ bá ní kò séwu, kí ẹ ní kó kọ ọ́ sílẹ̀. Bí kò bá lè kọ ọ́, ẹ má fi ẹsẹ̀ yín lé ohun tí ó sọ. Ẹ kà á fúnra yín nínú òfin, tàbí kí ẹ bi ẹgbẹ́ tí ń ran àwọn àjèjì lọ́wọ́ lórí ọ̀rọ̀ òfin, nítorí pé àwọn yẹn máa ń sọ ibi tí òfin náà wà fún ènìyàn.

Ti ọmọ ńkọ́? Àwọn ọmọdé kì í ní káàdì ìgbélùú bí àgbà ní Faransé. Ìwé tí wọ́n máa ń gbà fún ọmọ àjèjì tí ó ń gbé níbẹ̀ ni DCEM, òun ni ó sì ń jẹ́ kí ọmọ náà lè jáde kí ó sì padà wọlé láìgba físà. Kí ẹ mú un dání pẹ̀lú ìwé ìrìnnà ọmọ náà. Bí orúkọ ìdílé tí ó wà nínú ìwé ọmọ kò bá bá ti yín mu, ẹ mú ìwé ìbí rẹ̀ lọ, kí wọ́n má bàa bẹ̀rẹ̀ sí í bi ọmọ léèrè ẹni tí ẹ jẹ́ sí i.

Kì í ṣe òní ni ìwé ti ń dá ènìyàn dúró ní ibi yìí. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún 1940, Walter Benjamin, onímọ̀ ará Jámánì tí ó jẹ́ Júù, fi ẹsẹ̀ gun òkè láti apá Faransé dé Portbou, ó ní físà, ṣùgbọ́n kò ní ìwé àṣẹ láti jáde kúrò ní Faransé. Wọ́n sọ fún un pé wọn yóò dá a padà, ó sì kú síbẹ̀ ní alẹ́ ọjọ́ náà. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1939 ẹ̀wẹ̀, ogunlọ́gọ̀ àwọn ará Sípéènì ni ó gba ọ̀nà òkè kan náà sá wọ Faransé nígbà tí ogun abẹ́lé wọn ń parí lọ. Mo máa ń rántí wọn bí mo bá gba ibẹ̀ kọjá, èmi tí mo kàn fẹ́ padà sí ilé mi.

Ó yá, ọ̀rọ̀ ọkọ̀. Ìbú tí ó wà láàárín irin méjèèjì ní Faransé jẹ́ mìlímítà 1435, ti Sípéènì àtijọ́ sì jẹ́ 1668. Ọkọ̀ ojú irin kékeré ti Faransé kò lè sáré lórí irin Sípéènì, ti Sípéènì náà kò sì lè sáré lórí irin Faransé. Nítorí èyí ni wọ́n fi kọ́ ibùdó ńlá méjì sí ìlú kéékèèké méjì ní eteetí ààlà, ọ̀kan ní ìhà kọ̀ọ̀kan òkè, tí ihò kan sì gba abẹ́ òkè náà so wọ́n pọ̀. Irin oríṣi méjèèjì ló gba inú ihò yẹn. Àdéhùn tí wọ́n ṣe ni pé ọkọ̀ tí ó bá ti Faransé wá yóò kọjá ààlà, yóò sì parí ìrìn rẹ̀ ní Portbou, èyí tí ó bá sì ti Sípéènì wá yóò parí ìrìn tirẹ̀ ní Cerbère. Nítorí náà, ní àlọ, Portbou ni ẹ ó ti pààrọ̀. Ní àbọ̀, Cerbère ni. Bí ọkọ̀ tí ẹ wọ̀ ní Perpignan bá jẹ́ èyí tí ó parí sí Cerbère, nítorí pé àwọn kan wà tí kì í kọjá ibẹ̀, ẹ wò ó bóyá ọkọ̀ Sípéènì kan máa gbéra láti Cerbère ní wákàtí náà, kí ẹ tó sọ̀kalẹ̀ lọ sí ìlú.

Ẹ má ronú láti fi ẹsẹ̀ rìn láti ọ̀kan dé èkejì. Lórí àwòrán ilẹ̀, ó dà bí ẹni pé wọ́n fara kan ara wọn, ṣùgbọ́n abẹ́ òkè ni ọkọ̀ ń gbà. Títì orí òkè ń yí kọ́lọkọ̀lọ, ó ga, kò sì yẹ fún ọmọdé tí ó ń gbé báàgì.

Tíkẹ́ẹ̀tì kan ṣoṣo? Rárá, méjì ni kí ẹ rà: ọ̀kan ti Faransé láti Perpignan títí dé Portbou, kì í ṣe Cerbère, nítorí pé ẹni tí tíkẹ́ẹ̀tì rẹ̀ parí sí Cerbère tí kò sì sọ̀kalẹ̀ kò ní ìwé fún ihò yẹn, èkejì ti Sípéènì láti Portbou dé Barcelona Sants, ibùdó ńlá ní Barcelona, lórí ọkọ̀ tí wọ́n ń pè ní R11. Ẹ lè ra èkejì níbẹ̀, kò sí ìjókòó tí a ń yàn ṣáájú. Ẹ mú owó Yúrò díẹ̀ dání.

Ohun tí kò sí ẹni tí yóò sọ fún yín ni pé ọkọ̀ kejì kì í dúró de ọkọ̀ àkọ́kọ́. Ilé iṣẹ́ méjì tó yàtọ̀ ni wọ́n, olúkúlùkù sì ní ìwé àkókò tirẹ̀. Ẹ wo ìwé àkókò méjèèjì fún ọjọ́ gan-an tí ẹ ń lọ, nítorí pé ti ọjọ́ Àìkú àti ọjọ́ ìsinmi máa ń dín kù, ìyanṣẹ́lódì ní apá kan sì lè fi yín sílẹ̀ sí àárín méjì. Ẹ máa lọ ní òwúrọ̀. Ní àbọ̀ ní pàtàkì, ẹ má wọ ọkọ̀ tí ó kẹ́yìn, kí ó má bàa jẹ́ pé bí àyẹ̀wò bá gùn, ọkọ̀ Perpignan yóò ti lọ. Láti Perpignan dé ààlà kò tó wákàtí kan, ọkọ̀ náà sì ń gba etí òkun ní Collioure àti Banyuls, tí ọmọ yóò fẹ́ràn láti máa wò láti ojú fèrèsé. Láti Portbou dé Barcelona lé ní wákàtí méjì.

Bí ẹnikẹ́ni bá gbà yín níyànjú pé kí ẹ gba ọkọ̀ kékeré dé Figueres kí ẹ sì bọ́ sínú èyí tí ń sáré, ẹ mọ̀ pé ibùdó méjì ni ó wà ní ìlú yẹn. Figueres-Vilafant ni ti ọkọ̀ sísáré, ó wà ní ẹ̀yìn ìlú, kì í ṣe ibi tí R11 ti ń dúró. Àwọn ọkọ̀ sísáré tí ń ti Perpignan lọ sí Barcelona ń gba ọ̀nà mìíràn pátápátá lábẹ́ òkè Perthus láti ọdún 2013, wọ́n sì ń parí ìrìn náà láàárín nǹkan bí wákàtí kan àti ààbọ̀. Owó wọn ga ju ti ọkọ̀ kékeré lọ, ṣùgbọ́n bí ẹ bá tètè rà á, ìyàtọ̀ náà lè má pọ̀ bí ẹ ṣe rò. Àyẹ̀wò ìwé ń lọ lórí ti wọn náà o.

Ní ti ibi ìsinmi, Portbou ní gbọ̀ngàn ńlá tí wọ́n fi irin àti gíláàsì bò lókè, àyè ìjókòó wà níbẹ̀ ní ọ̀sán. Ẹ má gbẹ́kẹ̀ lé e fún alẹ́. Ẹ ra omi àti oúnjẹ ọmọ ní Perpignan, kí ẹ sì mú aṣọ tí ó nípọn fún un, nítorí atẹ́gùn tí mo sọ yẹn kì í dúró de ìgbà òtútù.

Kí ẹ tó san owó tíkẹ́ẹ̀tì, ẹ sọ fún mi níhìn-ín irú ìwé tí ó wà lọ́wọ́ yín, ọjọ́ tí yóò parí, àti bóyá DCEM ọmọ ti jáde. Bí kò bá tíì jáde, ẹ ní kí àbúrò yín wá kí yín ní Perpignan ní ìgbà yìí.