Ìbéèrè Yín, Ìdáhùn Wa: Ọjọ́ Kan ní Lanzarote, Erékùṣù Òkè Oníná

Ọ̀pọ̀ nínú lẹ́tà tó dé ọwọ́ wa láti Òṣogbo lóṣù yìí ló ń béèrè nípa Lanzarote, ọ̀kan nínú àwọn erékùṣù Canary tó wà lábẹ́ ìjọba Spéìn, tó dojú kọ etíkun Mòrókò. Kò yà wá lẹ́nu. Ìlú tó bá Àdùnní Olórìṣà gbé, tó mọ ohun tí ère òun àti ẹgbẹ́ rẹ̀ nínú Igbó Ọ̀ṣun ń ṣe sọ́kàn ènìyàn, á fẹ́ mọ̀ nípa ilẹ̀ tí òkè oníná jó di dúdú, tí oníṣẹ́ ọnà kan, César Manrique, sì sọ di ibi tí gbogbo ayé ń wá wò. A mú mẹ́fà nínú àwọn ìbéèrè náà.

Ẹ kú iṣẹ́ o. Ọmọ wa tó wà ní Madrid fẹ́ mú èmi àti ìyá rẹ̀ lọ sí Lanzarote fún ọjọ́ mẹ́ta. Ọjọ́ kan péré la fẹ́ fi bá afinimọ̀nà rìn. Ṣé ó tó? Ibo ni ká ti bẹ̀rẹ̀? (Bàbá kan, Òkè-Fìà)

Ẹ kú oríire, Bàbá. Erékùṣù náà kò tóbi. Láti orí rẹ̀ dé ìdí kò ju nǹkan bí 60 kìlómítà lọ, kò tó Òṣogbo sí Ìbàdàn. Ohun tó ń tan àlejò jẹ nìyẹn: wọ́n á rò pé àwọn lè rí gbogbo rẹ̀ tán kí oòrùn tó wọ̀, wọ́n á sì lo èyí tó pọ̀ jù nínú ọjọ́ náà lórí ìjókòó bọ́ọ̀sì.

Oríṣi ìrìn mẹ́ta ni wọ́n ń tà. Ti gúúsù ń lọ sí Timanfaya níbi tí ilẹ̀ ti gbóná, ọgbà àjàrà La Geria, adágún omi aláwọ̀ ewé ní El Golfo, àti ibi tí wọ́n ti ń fi oòrùn gbẹ iyọ̀ òkun ní Janubio. Ti àríwá ń lọ sí ihò àpáta Jameos del Agua àti Cueva de los Verdes, ọgbà kákitọ́ọ̀sì ní Guatiza, àti Mirador del Río, níbi tí ẹ ó ti dúró ní nǹkan bí 475 mítà sókè òkun, tí ẹ ó máa wo erékùṣù kékeré La Graciosa nísàlẹ̀. Ẹ̀kẹta pa méjèèjì pọ̀, ìyẹn la ò sì fọwọ́ sí. Ogún ìṣẹ́jú níbí, ogún ìṣẹ́jú lọ́hùn-ún, ẹ ò ní rí nǹkan kan dáadáa.

Bí ẹ bá rí ọkọ̀ kékeré tó gbà láti dúró níbi mẹ́ta péré, ẹ mú un. Timanfaya ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ lọ, láàárọ̀ kùtù. Ibi ìgbọ́kọ̀sí tó wà lókè kò gba ọkọ̀ púpọ̀, bó bá ti kún, ẹ̀yìn ọkọ̀ ló kù tí ẹ ó máa wò lójú ọ̀nà. Lọ́sàn-án, ẹ lọ sí ilé César Manrique ní Tahíche. Nírọ̀lẹ́, nígbà tí àwọn bọ́ọ̀sì ńlá bá ti ń padà, ẹ wọ Jameos del Agua.

Kí ẹ tó sanwó, ẹ béèrè bóyá owó ìwọlé wà nínú iye tí wọ́n dá, bóyá oúnjẹ wà níbẹ̀, èdè wo ni afinimọ̀nà ń sọ, àti ibi tí ọkọ̀ ti máa gbé yín. Ohun tó sábà máa ń dá ìjà sílẹ̀ nìyẹn: àlejò á rò pé òun ti san tán, wọ́n á tún ní kó mówó wá lẹ́nu ọ̀nà. Ẹ mú jákẹ́ẹ̀tì dání bó ti wù kí oòrùn mú tó, nítorí atẹ́gùn òkun kì í sinmi níbẹ̀. Ẹ wọ bàtà tó bo ẹsẹ̀, torí òkúta ibẹ̀ ń gé bàtà jẹ bí àfọ́kù ìgò.

Wọ́n ní ilẹ̀ ibẹ̀ ń yan ẹran láìsí igi, láìsí gáàsì. Ṣé òótọ́ ni? Ṣé kò léwu? (Ìyá aláta, Ọjà Ọba)

Òótọ́ pọ́ńbélé ni, Ìyá wa. Lọ́jọ́ kìíní oṣù Kẹsàn-án ọdún 1730 ni ilẹ̀ là, iná sì ń tú jáde títí di ọjọ́ 16 oṣù Kẹrin ọdún 1736. Ọdún márùn-ún ó lé. Àlùfáà ìjọ Yaiza, Andrés Lorenzo Curbelo, kọ ohun tó ṣẹlẹ̀ sílẹ̀. Àpáta yíyọ́ bo abúlé, ó sì bo oko tó lọ́ràá jù lọ ní erékùṣù náà. Ó tún tú díẹ̀ ní 1824. Láti ìgbà náà kò tíì tú mọ́, àmọ́ ooru ṣì wà nísàlẹ̀.

Ibi tí wọ́n ń pè ní Islote de Hilario, ní Timanfaya, ni ẹ ó ti rí i. Òṣìṣẹ́ ibẹ̀ á kọ́kọ́ fi ṣọ́bìrì wa òkúta wẹ́wẹ́ láti ìsàlẹ̀ díẹ̀, á bù ú sí yín lọ́wọ́. Ẹ ó máa jù ú láti ọwọ́ kan sí èkejì bí ẹni tó mú iṣu tó ṣẹ̀ṣẹ̀ kúrò lórí iná. Lẹ́yìn náà, á fi amúga ti igi wẹ́wẹ́ gbígbẹ sínú kòtò kan. Kò ní ṣáná sí i. Èéfín á kọ́kọ́ rú, igi á sì gbaná fúnra rẹ̀. Èyí tó kẹ́yìn ni ti omi: á da bí garawa kan sínú páìpù tó wọlẹ̀ lọ, á sì sún sẹ́yìn. Kí ẹ tó ka méje, omi náà á bú jáde pẹ̀lú ariwo bí ìbọn, tòun ti ooru. Ní mítà 13 sísàlẹ̀, ooru ibẹ̀ lè tó 600 dígírì.

Ní ilé oúnjẹ El Diablo tí Manrique yàwòrán rẹ̀ ní 1970, wọ́n mọ òkúta yí ẹnu ihò kan ká bí kànga, wọ́n gbé irin ìyanran lé e. Ooru tó ń jáde bọ̀ látinú ilẹ̀ ló ń yan adìẹ àti ẹran. Kò yá bí èédú, àmọ́ kò ní ahọ́n iná tó máa jó ẹ̀yìn ẹran kí inú tó jinná.

Ewu tó wà níbẹ̀, ìkánjú ló ń fà á. Ẹ má ṣe bẹ̀rẹ̀ sórí páìpù láti ya fọ́tò. Ẹ dúró sí apá ibi tí atẹ́gùn ti ń fẹ́ bọ̀, kí ooru omi má baà fẹ́ lù yín. Kò sẹ́ni tó ń dá rìn káàkiri nínú ọgbà Timanfaya: bọ́ọ̀sì ló ń gbé yín yí ọ̀nà nǹkan bí 14 kìlómítà po, kò sì gbà yín láyè láti sọ̀. Ọ̀nà náà rí kọ́lọkọ̀lọ, ẹni tí ọkọ̀ ń rìn lára kó jókòó síwájú. Ẹ má sì mú òkúta kankan bọ àpò, òfin kọ̀ ọ́.

Ṣé a nílò físà ọ̀tọ̀ fún erékùṣù náà? (Ọ̀dọ́kùnrin kan, Ayétòrò)

Rárá. Físà Schengen tí ẹ fi wọ Spéìn náà ló gbé yín dé ibẹ̀. 90 yúrò ni owó rẹ̀ fún àgbàlagbà. Páàsìpọ́ọ̀tù yín gbọ́dọ̀ ṣì lágbára fún oṣù mẹ́ta lẹ́yìn ọjọ́ tí ẹ máa kúrò níbẹ̀, ẹ sì nílò ìwé adójútòfò ìlera tí kò dín ní 30,000 yúrò. Láti ìparí oṣù Kẹta sí ìparí oṣù Kẹwàá, agogo tiwọn àti tiwa dọ́gba. Lásìkò òtútù, tiwọn fi wákàtí kan rẹ̀yìn. Ẹ ṣọ́ra kí ọkọ̀ má baà fi yín sílẹ̀, torí agogo Madrid fi wákàtí kan ṣáájú ti erékùṣù náà jálẹ̀ ọdún.

Àgbẹ̀ ni mí. Báwo ni àjàrà ṣe ń hù nínú eérú, níbi tí òjò kì í ti í rọ̀? (Òkè-Baálẹ̀)

Níbi tí àgbẹ̀ tiwa ti ń kọ ebè, tiwọn kòtò ni wọ́n ń gbẹ́. Òkè oníná ti da òkúta wẹ́wẹ́ dúdú bo ilẹ̀ ọlọ́ràá àtijọ́. Àgbẹ̀ La Geria á gbẹ́ kòtò roboto, òmíràn jìn tó mítà mẹ́ta, títí yóò fi súnmọ́ ilẹ̀ tí gbòǹgbò lè mú. Igi àjàrà kan tàbí méjì ló ń gbìn sí ìdí kòtò kọ̀ọ̀kan. Á wá to òkúta láìlo símẹ́ńtì, bí ààbọ̀ òṣùpá, sí apá ibi tí atẹ́gùn ti ń wá.

Òkúta wẹ́wẹ́ náà rí fọ́kọfọ̀kọ bí kànìnkànìn. Bí ìrì bá sẹ̀ lóru, á fà á mu, á sì jẹ́ kó sọ̀ kalẹ̀ dé gbòǹgbò. Lọ́sàn-án, á bo ilẹ̀ kí oòrùn má baà fa omi náà jáde. Ẹní bá yọ ọ́ kúrò láti fi nǹkan mìíràn dí i, igi rẹ̀ á gbẹ. Àléébù ibẹ̀ ni pé ẹ̀rọ ò lè wọ kòtò: ọwọ́ ni wọ́n fi ń ṣe gbogbo rẹ̀, àyè tí igi kan gbà sì pọ̀. Àjàrà Malvasía ló wọ́pọ̀ jù níbẹ̀. Ẹ sọ fún afinimọ̀nà pé kó jẹ́ kí ẹ wo kòtò náà nítòsí kó tó mú yín wọ ilé ọtí, àmọ́ ẹ má sọ̀ sínú rẹ̀. Ẹsẹ̀ àlejò ló ń wó etí kòtò lulẹ̀.

Eékún ń dun ìyá mi. Ibo ló lè lọ? (Obìnrin kan, Ìsàlẹ̀ Ọ̀ṣun)

Ẹ má mú Màmá wọ Cueva de los Verdes. Ihò náà jẹ́ ìrìn nǹkan bí kìlómítà kan, àtẹ̀gùn wà, àwọn ibì kan sì wà tí ènìyàn gbọ́dọ̀ bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ kó tó kọjá. Láyé ìgbà kan, ibẹ̀ ni àwọn ará ìlú ń sá pamọ́ sí nígbà tí àwọn ajàlèlókun àti akónilẹ́rú bá dé. Ẹ wo bó ṣe há tó. Jameos del Agua náà, àtẹ̀gùn òkúta ni wọ́n ń bá sọ̀, òun náà ni wọ́n ń bá gòkè. Timanfaya ló rọ̀ wọ́n lọ́rùn jù, torí nínú bọ́ọ̀sì ni wọ́n á wà. Ní Mirador del Río, ìrìn kò pọ̀, wọ́n sì lè jókòó sẹ́yìn gíláàsì ńlá wo òkun láìjẹ́ kí atẹ́gùn fẹ́ lù wọ́n.

Èmi náà ń mú àlejò rìn nínú Igbó Ọ̀ṣun. Kí ni iṣẹ́ Manrique fi jọ ti Àdùnní Olórìṣà? Kí la lè rí kọ́? (Afinimọ̀nà kan, Òṣogbo)

Ìbéèrè yìí dùn mọ́ wa nínú gan-an. Susanne Wenger tí a ń pè ní Àdùnní, ọdún 1915 ni wọ́n bí i ní Austria. César Manrique, 1919, ní Arrecife tó jẹ́ olú ìlú Lanzarote. Ohun tó pa wọ́n pọ̀ ni pé àwọn méjèèjì gbà kí ilẹ̀ kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Bí igi ṣe dúró àti bí odò ṣe ṣẹ́ kọ́rọ́ ni Àdùnní, Adébísí Àkànjí tó jẹ́ bíríkìlà tẹ́lẹ̀, Bùráímọ̀ Gbàdàmọ́sí àti àwọn ẹgbẹ́ wọn ń wò kí wọ́n tó gbé ère dúró. Lórí àpáta yíyọ́ ti 1730 ni Manrique kọ́lé rẹ̀ sí. Ó rí ihò márùn-ún tí afẹ́fẹ́ gbígbóná fẹ̀ sínú àpáta náà, ó gbẹ́ ọ̀nà so wọ́n pọ̀, ó kun ilẹ̀ wọn ní ẹfun, ó sì sọ wọ́n di iyàrá. Lókè, ẹ ó rí fèrèsé kan tí àpáta dúdú gba ojú rẹ̀ wọlé bí ẹni pé ó ṣì ń ṣàn. Ẹ dúró síbẹ̀ dáadáa. Ògiri funfun, àpáta dúdú, kò sí ìlà tó pààlà láàárín ilé àti ìta.

Ohun tó yà wọ́n sọ́tọ̀ ni pé ojúbọ ni Igbó Ọ̀ṣun, ẹni tó ni í ṣì ń bọ ọ́. Ẹ má jẹ́ kí àlejò fi ojú ibi ìgbafẹ́ lásán wò ó.

Ẹ̀kọ́ mẹ́ta la rí tó lè wúlò fún yín. Àkọ́kọ́, ìdí òfin ni kẹ́ ẹ máa sọ. Nínú adágún Jameos del Agua, akàn funfun kéékèèké kan wà tí kò ríran. Wọn kì í kàn kọ “Ẹ má ju owó sómi” lásán. Wọ́n ń ṣàlàyé pé owó irin máa ń dípẹtà, májèlé rẹ̀ á sì pa akàn náà. Àlejò tó bá mọ ìdí kì í ṣàyà gbàǹgbà. Bẹ́ẹ̀ náà ni kẹ́ ẹ sọ fún tiyín pé òógùn àti òróró ọwọ́ ń ba ojú ère símẹ́ńtì jẹ́, pé ẹni tó bá gun orí ère lè ṣẹ́ irin inú rẹ̀.

Èkejì ni kí gbogbo agbègbè bá iṣẹ́ náà mu. Manrique bá àwọn aláṣẹ erékùṣù náà jà fitafita títí wọ́n fi gbà kí pátákó ìpolówó kúrò lójú ọ̀nà, kí ilé máa jẹ́ funfun, kí ó má sì ga ju bó ti yẹ. Ẹ wo ọ̀nà tó lọ sí ẹnu Igbó, kí ẹ ka iye pátákó tó wà níbẹ̀.

Ẹ̀kẹta ni pé ẹ fi nǹkan kan pamọ́. Ní ìparí Cueva de los Verdes, ohun kan wà tí afinimọ̀nà kì í sọ tẹ́lẹ̀, tó sì máa ń bẹ àlejò pé kí wọ́n má sọ fún ẹlòmíràn. Àwa náà ò ní sọ ọ́ síbí. Nínú Igbó, ẹ ti mọ ibi tí ọ̀nà ti yà tí ère á ṣàdédé yọ síni. Ẹ má ṣàpèjúwe rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà. Ẹ jẹ́ kí wọ́n dákẹ́ rìn dé ibẹ̀, mẹ́wàá mẹ́wàá, kí ẹ tó la ẹnu.