Ìbéèrè Yín, Ìdáhùn Wa: Ìbòmú Wo Ló Ń Dá Eruku Dúró?

Láti ìgbà tí ọyẹ́ ti mú ni ìwé ti ń wọlé sí wa lórí ọ̀rọ̀ ìbòmú, wọ́n sì pọ̀ ju ohun tí ojú ewé yìí lè gbà lọ. A mú márùn-ún nínú wọn, a sì gé àwọn tí ó gùn kúrú.

Káfíńtà ni mí ní Bódìjà, n'Ìbàdàn. Ìbòmú aláwọ̀ búlúù tí wọ́n ń lò nílé ìwòsàn ni mo máa ń lò bí mo bá ń la pákó tàbí tí mo bá ń fi ẹ̀rọ ha á kí ó lè dán. Síbẹ̀, bí mo bá fọn imú lálẹ́, eruku pákó ni mo ń rí. Ẹnì kan ní kí n lọ ra irú ìbòmú tí wọ́n ń pè ní N95, ṣùgbọ́n owó rẹ̀ ju ti búlúù lọ dáadáa. Ṣé ó tó owó rẹ̀?

Ó tó bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n kì í ṣe nítorí ohun tí ọ̀pọ̀ ènìyàn rò. Èrò wọn ni pé bí asẹ́ ni ìbòmú ṣe ń ṣiṣẹ́, pé ohun tí ó bá tóbi ju ihò rẹ̀ lọ ni yóò dá dúró, tí èyí tí ó bá kéré sí i yóò sì kọjá. Bí ó bá rí bẹ́ẹ̀ ni, kò ní sí ìbòmú tí ó wúlò tí ènìyàn yóò lè fi mí, nítorí pé àlàfo tí ó wà láàárín àwọn fọ́nrán ìbòmú tóbi ju ọ̀pọ̀ eruku tí à ń sá fún lọ. Ohun tí ó ń ṣẹlẹ̀ gan-an ni pé àwọn fọ́nrán náà dà rú mọ́ra wọn ní ìpele lórí ìpele, tí afẹ́fẹ́ sì ń yí gba àárín wọn kọjá. Eruku tí ó tóbi díẹ̀ kò lè yí bí afẹ́fẹ́ ṣe ń yí, nítorí náà yóò lọ kọlu fọ́nrán, yóò sì lẹ̀ mọ́ ọn. Èyí tí ó kéré jù lọ kò lè rìn tààrà, nítorí pé afẹ́fẹ́ fúnra rẹ̀ ni ó ń tì í síhìn-ín sọ́hùn-ún, kì í sì í pẹ́ tí òun náà yóò fi fara kan fọ́nrán kan. Àwọn tí wọ́n wà láàárín méjèèjì ni wọ́n ṣòro láti mú: wọn kò wúwo tó láti kọlu nǹkan, wọn kò sì fúyẹ́ tó láti máa ta kiri. Ìwọ̀n irú wọn jẹ́ nǹkan bí 0.3 máíkírónì. Bí a bá pín mìlímítà kan sí ọ̀nà 1,000, ẹyọ kan nínú rẹ̀ ni máíkírónì. Irun orí ènìyàn nípọn tó nǹkan bí 70.

Ìdí nìyí tí iléeṣẹ́ ìjọba Amẹ́ríkà tí ń ṣèwádìí ààbò lẹ́nu iṣẹ́, tí ó ń jẹ́ NIOSH, fi ń lo èérún iyọ̀ tí ó tó nǹkan bí 0.3 máíkírónì láti dán N95 wò. Wọn a ti afẹ́fẹ́ tí ó ní iyọ̀ náà nínú gba inú aṣọ rẹ̀ kọjá, lítà 85 ní ìṣẹ́jú kan, èyí tí ó fi ìlọ́po púpọ̀ ju bí ẹni tí ó jókòó jẹ́ẹ́ ṣe ń mí lọ. Bí kò bá lè mú ó kéré tán ìdá 95 nínú 100, kò lè jẹ́ N95. Ohun tí ó yẹ kí káfíńtà fà yọ níbẹ̀ ni pé èérún tí ó ṣòro láti mú ni wọ́n fi ṣe ìdánwò náà. Eruku pákó tí ó tóbi ju bẹ́ẹ̀ lọ, aṣọ N95 a máa mú fẹ́rẹ̀ẹ́ gbogbo rẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí a wá padà sórí ti búlúù. Aṣọ tí ó wà láàárín ìpele mẹ́ta rẹ̀, bí ó bá jẹ́ ojúlówó, kò burú rárá. Ọmọ ìyá ni òun àti ti N95. Etí rẹ̀ ni iṣẹ́ ti bàjẹ́. Bí ẹ bá ṣíwọ́ iṣẹ́ nírọ̀lẹ́, kí ẹ tó bọ́jú, ẹ yọ ìbòmú náà níwájú dígí, kí ẹ sì wo ẹ̀rẹ̀kẹ́ yín. Ẹ óò rí ìlà eruku tí ó gba ẹ̀gbẹ́ ìbòmú lọ sí ìhà imú, lọ́tùn-ún àti lósì, ẹ óò sì rí òmíràn lábẹ́ ojú níbi tí irin pẹlẹbẹ orí imú kò ti lẹ̀ mọ́ ara. Ọ̀nà tí eruku gbà wọlé nìyẹn. Afẹ́fẹ́ kì í wá wàhálà: bí ó bá rí àlàfo tí kò sí aṣọ níbẹ̀, ibẹ̀ ni yóò gbà. Nítorí náà, aṣọ ìbòmú nìkan ni nọ́ńbà tí wọ́n kọ sára páálí rẹ̀ ń sọ nípa rẹ̀. Kò sọ nǹkan kan nípa ojú ẹni tí yóò lò ó.

Ní oṣù kejì ọdún 2021, CDC, àjọ tí ń rí sí ìdènà àrùn ní Amẹ́ríkà, gbé àbájáde ìdánwò kan jáde tí wọ́n fi ẹ̀rọ tí ń húkọ́ bí ènìyàn ṣe. Ìbòmú ilé ìwòsàn tí wọ́n kàn fi kọ́ etí lásán dá ìdá 56.1 nínú 100 èérún ikọ́ náà dúró. Nígbà tí wọ́n ta rọ́bà rẹ̀ ní kókó níbi tí ó ti so mọ́ aṣọ, tí wọ́n sì ká ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ tí ó là sílẹ̀ wọnú, ìbòmú kan náà dá ìdá 77 dúró. Wọn kò fi fọ́nrán kankan kún un o. Àlàfo ẹ̀gbẹ́ ni wọ́n dí. Òótọ́ ni pé ohun tí ń jáde lẹ́nu ni wọ́n wọ̀n, ṣùgbọ́n àlàfo tí ikọ́ ń gbà jáde ni eruku ń gbà wọlé.

Ẹ ra N95 tí ó ní rọ́bà méjì tí ń yí orí ká, ọ̀kan lókè àtàrí, èkejì lẹ́yìn ọrùn, kí ẹ sì fi ìka méjèèjì tẹ irin orí imú títí yóò fi bá egungun imú yín mu. Lẹ́yìn náà, ẹ fi ọwọ́ méjèèjì bò ó, kí ẹ mí jáde. Bí ẹ bá gbọ́ atẹ́gùn tí ń fẹ́ sí yín lójú, ẹ tún un tẹ̀. Ẹ má fi ọwọ́ yẹpẹrẹ mú un, nítorí pé ẹ̀ka Àjọ Ìlera Àgbáyé tí ń ṣèwádìí àrùn jẹjẹrẹ ti ka eruku pákó mọ́ àwọn ohun tí ó dájú pé wọ́n ń fa jẹjẹrẹ, pàápàá nínú imú.

Ìbòmú àǹkárá tí mo rán lọ́dún 2020 kò lóǹkà. Àwọn oníbàárà tún ń béèrè fún un báyìí nítorí ọyẹ́. Ìpele mélòó ni kí n rán? Ṣé òótọ́ sì ni pé bí ènìyàn bá wọ ìbòmú tí kò sì lè fẹ́ àbẹ́là pa, ó dára nìyẹn? Aránṣọ ni mí l'Óṣogbo.

Nígbà tí ìjọba dẹ okùn kónílé-ó-gbélé ní Èkó, Ògùn àti Àbújá ní ọjọ́ 4, oṣù karùn-ún ọdún 2020, tí ìbòmú sì di dandan, iṣẹ́ tí a gbé lé aṣọ lọ́wọ́ ni kí ó dá itọ́ ẹni tí ó wọ̀ ọ́ dúró, kí àwọn dókítà àti nọ́ọ̀sì lè rí ti ilé ìwòsàn lò. Iṣẹ́ ọ̀tọ̀ ni kí ó dá eruku dúró. Àǹkárá ìpele kan ṣoṣo a máa jẹ́ kí èyí tí ó pọ̀ jù nínú èérún tí kò tó máíkírónì kan kọjá. Ti ọyẹ́ sàn díẹ̀, nítorí pé púpọ̀ nínú eruku tí atẹ́gùn ń gbé wá láti aṣálẹ̀ Sàhárà, pàápàá láti àfonífojì Bodélé ní Chad, tóbi ju bẹ́ẹ̀ lọ, aṣọ sì lè mú nínú rẹ̀.

Ìpele mẹ́ta ni Àjọ Ìlera Àgbáyé dámọ̀ràn ní oṣù kẹfà ọdún 2020: aṣọ òwú tí ń fa omi ní inú, aṣọ polypropylene tí a kò hun ní àárín, àti aṣọ tí kì í fa omi, bíi polyester, ní ìta. Orúkọ ti àárín yìí lè ṣàjèjì sí yín, ṣùgbọ́n ẹ mọ aṣọ náà dáadáa, nítorí pé irú rẹ̀ ni wọ́n fi ń ṣe àwọn báàgì tí à ń pín níbi ìnáwó. Èyí tí ó mọ́, tí kò ní àwòrán, tí wọn kò sì fi ọ̀rá bo ojú rẹ̀, ni kí ẹ lò. Ẹ má fi gọ́ọ̀mù sítéè, aṣọ tí ó ní gọ́ọ̀mù lójú, rọ́pò rẹ̀, nítorí pé bí áyọ́ọ̀nù bá ti yọ́ gọ́ọ̀mù náà, yóò dí aṣọ pa, èémí yóò sì wá ọ̀nà ẹ̀gbẹ́ gbà. Ẹ na àǹkárá síwájú fèrèsé kí ẹ tó gé e; èyí tí ìmọ́lẹ̀ bá ń yọ láàárín òwú rẹ̀, ẹ fi rán nǹkan mìíràn. Kí ẹ sì fi wáyà sí orí imú. Ọ̀pọ̀ aránṣọ ni kò ṣe é ní 2020, ó sì dùn mí, nítorí pé wáyà kékeré yẹn wúlò ju ìpele kẹrin lọ.

Ní ti àbẹ́là, kò lè jẹ́rìí ọ̀rọ̀ yìí. Bí èémí ṣe le tó bí ó ṣe ń jáde níwájú ni iná rẹ̀ ń fi hàn, kì í ṣe iye èérún tí ó wà nínú èémí náà. Ẹni tí ó bá fi ọ̀rá náílọ́ọ̀nù bo ẹnu kò ní lè fẹ́ àbẹ́là pa láéláé, bẹ́ẹ̀ ẹ̀gbẹ́ ni gbogbo ohun tí ó ń mí yóò máa gbà wọlé.

Mo fi ọṣẹ fọ N95 mi, mo sì fín sánítáísà sí i. Ó ṣì dà bí tuntun. Ṣé ó ṣì dára? Olùkọ́ ni mí, ní Adó-Èkìtì.

Kò dára mọ́. Fọ́nrán N95 ní agbára iná tí a fi sí i lára nígbà tí wọ́n ń ṣe é, irú agbára tí ń mú kí ọ̀rá náílọ́ọ̀nù lẹ̀ mọ́ni lọ́wọ́ nígbà ọyẹ́, òun ni ó sì ń fa èérún mọ́ra tí aṣọ fi lè fúyẹ́ tó bẹ́ẹ̀ kí ó sì ṣe é mí. Ọ̀mọ̀wé Peter Tsai, ọmọ bíbí Taiwan tí ó ṣiṣẹ́ ní Yunifásítì Tennessee, wà lára àwọn tí wọ́n sọ ọgbọ́n yìí di ohun tí iléeṣẹ́ ń lò ní àwọn ọdún 1990. Irú ọtí tí ó wà nínú sánítáísà ni àwọn tí ń ṣe ìdánwò máa ń lò bí wọ́n bá fẹ́ pa agbára náà mọ́ aṣọ lára. Ojú kò lè rí i pé ó ti kú. Bí ẹ bá fẹ́ tún èyí tí ẹ kò tíì fọ̀ lò, inú àpò bébà ni kí ẹ gbé e sí kí ó gbẹ. Iye tí CDC fọwọ́ sí fún àwọn òṣìṣẹ́ ìlera nígbà tí ìbòmú wọ́n ni kí a má wọ ẹyọ kan ju ẹ̀ẹ̀márùn-ún lọ.

Ọ̀dà ni mo ń fín sára mọ́tò n'Ílọrin. KN95, irú N95 ti China, ni mo ń lò, síbẹ̀ òórùn tínà ń mú kí orí máa fọ́ mi.

Ẹ̀yin ọ̀gá, ewu ń bẹ níbi tí ẹ wà yìí. Kò sí èérún nínú òórùn. Afẹ́fẹ́ ni òun náà, yóò sì gba àárín fọ́nrán kọjá gẹ́gẹ́ bí afẹ́fẹ́ tí ẹ ń mí. KN95 lè mú ọ̀dà tí ó fò bí eruku, kò lè mú tínà. Ìbòmú rọ́bà tí ó ní agolo èédú lẹ́gbẹ̀ẹ́, pẹ̀lú aṣọ asẹ́ níwájú agolo náà, ni iṣẹ́ yín ń fẹ́, ẹ sì gbọ́dọ̀ pààrọ̀ agolo náà ní àsìkò tí iléeṣẹ́ tí ó ṣe é là sílẹ̀, kí ẹ má dúró de ìgbà tí òórùn yóò tún wọlé. Ẹnikẹ́ni tí ó bá sì ń ka èyí tí ó ń tan jẹnẹrétọ̀ sínú yàrá tàbí sí ìdí fèrèsé, kí ó mọ̀ pé èéfín rẹ̀ tí ń pani ní ìdákẹ́jẹ́ kò ní òórùn, àti pé agolo èédú pàápàá kì í dá a dúró.

Bàbá mi ń ṣiṣẹ́ níbi tí wọ́n ti ń fọ́ òkúta nítòsí Abẹ́òkúta. Mo fẹ́ fi ìbòmú tí wọ́n ń pè ní FFP3 ránṣẹ́ sí wọn láti Peckham, ní London. Ṣé ó sàn ju N95 lọ? Báwo ni mo ṣe lè mọ ayédèrú? Bàbá mi ní irùngbọ̀n o.

Ó sàn jù ú lọ. Lábẹ́ òfin ìdánwò Yúróòpù tí wọ́n ń pè ní EN 149, aṣọ FFP1 gbọ́dọ̀ mú ìdá 80 nínú 100, ti FFP2 ìdá 94, ti FFP3 ìdá 99. Ohun tí mo fẹ́ràn jù nínú òfin náà ni pé wọ́n tún ń gbé ìbòmú náà wọ ènìyàn, wọ́n sì ń wọn gbogbo ohun tí ó jò wọlé, títí kan èyí tí ó gba ẹ̀gbẹ́: kò gbọdọ̀ ju ìdá 22 lọ fún FFP1, ìdá 8 fún FFP2 àti ìdá 2 fún FFP3. Eruku òkúta kì í ṣe eruku ilẹ̀ lásán. Èyí tí ó kúnná jù nínú rẹ̀ a máa wọ ìsàlẹ̀ ẹ̀dọ̀fóró lọ, a sì máa fi àpá sí i tí kò ní lọ mọ́. FFP3 ni HSE, àjọ tí ń mójú tó ààbò lẹ́nu iṣẹ́ ní Ìlú Ọba, máa ń tọ́ka sí fún irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀. Bí ọ̀gá ibẹ̀ bá lè jẹ́ kí wọ́n máa fi omi wọ́n òkúta kí wọ́n tó fọ́ ọ, ìyẹn yóò ran gbogbo òṣìṣẹ́ lọ́wọ́ ju ìbòmú lọ.

Ojúlówó FFP3 yóò ní "EN 149" lára, àti àmì CE tí nọ́ńbà mẹ́rin tẹ̀ lé. NR tí ẹ bá rí níbẹ̀ ń sọ pé iṣẹ́ ọjọ́ kan péré ni ó wà fún. Fún ẹni tí yóò ra N95 nílé, kí ó wá NIOSH tí a kọ láìsí àṣìṣe àti nọ́ńbà tí ó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú TC-84A. Èyí tí a fi òdòdó ṣe lọ́ṣọ̀ọ́, tí wọ́n pè ní ti ọmọdé tàbí tí ó ń kọ́ etí, kí ó fura sí i.

Irùngbọ̀n ni ìṣòro tí ó kù. Irun tí ó wà níbi tí etí ìbòmú ti yẹ kí ó lẹ̀ mọ́ ara a máa là á sílẹ̀, tí FFP3 yóò sì pàdánù ohun tí ẹ tìtorí rẹ̀ san owó. Irun orí ètè kò ṣe nǹkan kan bí ó bá wà nínú ìbòmú pátápátá. Bí bàbá kò bá lè fá a, bóyá nítorí ẹ̀sìn, ohun tí ó kù ni akoto tí ó ní ẹ̀rọ kékeré tí ń fẹ́ afẹ́fẹ́ tí a ti sẹ́ sí ojú, owó rẹ̀ sì ga. Bí wọ́n bá gbà láti fá a, òwúrọ̀ ọjọ́ iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan ni kí wọ́n máa fá a, nítorí pé èyí tí ó hù ní ọjọ́ kan pàápàá ti tó láti gbé etí ìbòmú sókè. Kí ẹ sì yan èyí tí ó ní fáàfù, ojú ihò kékeré tí èémí ń gbà jáde, níwájú: fáàfù náà kì í sẹ́ èémí tí ń jáde, nítorí náà kò yẹ ẹni tí ó ní ikọ́, ṣùgbọ́n yóò dín ooru kù fún ẹni tí ń fọ́ òkúta nínú oòrùn.