Wọ́n ní kí n kúrò ní pápá, kí n wá máa tún ìròyìn ẹlòmíràn ṣe: ṣé kí n gbà?

ÌBÉÈRÈ: Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Akọ̀ròyìn ni mí ní ilé ìwé ìròyìn kan ní Ìbàdàn níbí. Kóòtù Ìyágànkú àti Sẹkitéríàtì Agodi ni mo ti ń kó ìròyìn jọ láti ọdún mẹ́ta sẹ́yìn. Olóòtú wa pè mí lọ́sẹ̀ tó kọjá, ó ní kí n wá dara pọ̀ mọ́ àwọn sub-editor, àwọn tó ń tún ìròyìn ẹlòmíràn ṣe kó tó jáde. Owó oṣù kò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀, alẹ́ ni iṣẹ́ náà, orúkọ mi kò sì ní máa jáde lórí ìròyìn mọ́. Àwọn ọ̀rẹ́ mi ní ṣe ni wọ́n fẹ́ fi mí pamọ́. Èmi sì fẹ́ di olóòtú lọ́jọ́ kan. Kí ni kí n ṣe?

ÌDÁHÙN: Gbà á, àbúrò mi. Àmọ́ nǹkan méjì kan wà tí o gbọ́dọ̀ béèrè kí o tó gbà, mo ń bọ̀ lórí wọn.

Ọ̀rọ̀ orúkọ yẹn yé mi. Akọ̀ròyìn tó ṣí ìwé ìròyìn láàárọ̀ tí kò rí orúkọ ara rẹ̀, àfi bíi pé kò ṣiṣẹ́ lánàá. Ṣùgbọ́n Bísí Ọnàbánjọ, tó ń kọ̀wé nínú Daily Service l'Ékòó nígbà náà, “Ayékòótọ́” ló fi ń kọ ọ́, ìyẹn náà ni àwọn òǹkàwé sì mọ̀ ọ́n mọ́. Kò dí i lọ́wọ́ láti di gómìnà ìpínlẹ̀ Ògùn ní 1979. Ọdún yẹn kan náà ni Lateef Jákàǹdè, tó ti ṣe olóòtú àgbà Nigerian Tribune tí Awólọ́wọ̀ dá sílẹ̀ ní Ìbàdàn níbí ní 1949, di gómìnà Èkó. Èmi ò ní kí o lọ du gómìnà o.

Ẹ jẹ́ ká wo iṣẹ́ náà gan-an. O ti kọ ìròyìn rẹ tán, o ti fi ránṣẹ́, o ti wọ mọ́tò lọ sí Mọníyà. Ẹni tó kù nídìí ìròyìn náà ni sub, ìyẹn sub-editor. Ìpolówó ọjà ti gba ìdajì ojú ìwé, nítorí náà òun ló máa gé ọ̀rọ̀ 600 rẹ kù sí 250 láì jẹ́ kí ìtumọ̀ rẹ̀ bọ́ sọnù. Òun ló máa wá àkọlé tó bá àyè mu. Bó bá ṣe é dáadáa, ìwọ ni wọ́n máa kí. Bó bá jẹ́ kí àṣìṣe kọjá, olóòtú ni lọ́yà máa kọ̀wé sí.

Ìlú tiwa yìí tún wá le díẹ̀. Akọ̀ròyìn á kọ ọ́ pé “Ọ̀tún sọ pé báyìí báyìí.” Ọ̀tún wo? Ìlà méjì ni oyè Ìbàdàn fi ń gòkè, ti Olúbàdàn àti ti Balógun. Ọ̀tún Olúbàdàn wà, Ọ̀tún Balógun náà wà, bẹ́ẹ̀ ni Òsì, bẹ́ẹ̀ ni Àṣípa. Gbé ọ̀rọ̀ ọ̀kan sí èkejì lẹ́nu, àwọn ẹbí á ti dé ẹnu géètì yín kí olóòtú tó mu tíì àárọ̀. Ti ìjọba ìbílẹ̀ náà ńkọ́? 11 ni Ìbàdàn ní. 5 tó wà nínú ìgboro, gbogbo wọn ló ń jẹ́ Àríwá tàbí Gúúsù, mẹ́rin nínú wọn sì ní ìfikún kan. Ẹni tó ń sáré kọ̀wé á gbé alága Àríwá Ìlà-Oòrùn fún Gúúsù Ìlà-Oòrùn láìfura.

Kóòtù lo ti wá, nítorí náà apá ibẹ̀ kò ní le fún ọ. Ọlọ́pàá á ní àwọn ti mú ọ̀daràn, akọ̀ròyìn á dà á kọ bẹ́ẹ̀. Sub ló gbọ́dọ̀ yọ “ọ̀daràn” kúrò kó fi “afurasí” rọ́pò, torí abala 36 òfin ilẹ̀ wa ti 1999 ka ẹni tí wọ́n fẹ̀sùn kàn sí aláìjẹ̀bi títí kóòtù yóò fi dá a lẹ́bi. Bó bá jẹ́ ọmọdé ni wọ́n gbé wá sí kóòtù, yọ orúkọ rẹ̀, yọ ilé ìwé rẹ̀, yọ orúkọ bàbá rẹ̀ pẹ̀lú.

Ìdí tí mo fi ní kí o gbà á nìyí: ìròyìn tìrẹ nìkan lo mọ̀ báyìí. Sub ń ka ti gbogbo ilé. Kí ọdún kan tó pé, wàá ti mọ akọ̀ròyìn tó máa ń pe ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn kó tó kọ̀wé, wàá sì ti mọ èyí tó ń da àtẹ̀jáde agbẹnusọ gómìnà kọ láìyí kọ́mà kan padà. Wàá mọ ẹni tó ń fi àpò ìwé tí owó wà nínú rẹ̀, tí wọ́n fún un níbi ìpàdé, yan ọ̀rọ̀ tó fi síwájú. Olóòtú tí kò bá mọ ìwọ̀nyí, àwọn ọmọ abẹ́ rẹ̀ ni yóò máa darí rẹ̀. Ẹni tó sì lè ṣe iṣẹ́ yìí kò pọ̀ mọ́, nítorí ilé iṣẹ́ púpọ̀ ń ju ìròyìn sórí íntánẹ́ẹ̀tì kí ojú kejì tó kà á.

Ewu kan wà níbẹ̀. Ẹni tó bá pẹ́ jù nínú iṣẹ́ yìí, àwọn tó ń fún un ní ìròyìn á gbàgbé rẹ̀. Mo ti rí àwọn sub tó mọ̀wé gan-an, àmọ́ tí kò sí akọ̀wé kóòtù kan tó lè gbé fóònù wọn mọ́. Nítorí náà, ohun àkọ́kọ́ tí wàá béèrè ni pé kí wọ́n fi àpilẹ̀kọ kan sílẹ̀ fún ọ lọ́sẹ̀, èyí tí orúkọ rẹ máa wà lórí rẹ̀, kí o sì máa yà sí Ìyágànkú lọ́sàn-án kan, ì báà jẹ́ láti kí wọn lásán. Béèrè iye ìgbà tí wàá lò níbẹ̀ pẹ̀lú. Lójú tèmi, ọdún méjì tó. Kò gbọdọ̀ ju mẹ́ta lọ.

Ìkejì ni ọ̀nà ilé. Ta ni yóò gbé ọ lọ nígbà tí ojú ìwé tó kẹ́yìn bá jáde ní aago méjìlá òru? Mọ́tò ilé iṣẹ́ ni, àbí owó ọkọ̀, àbí wọn ó máa fún ọ ní yàrá tí wàá sùn sí? Kí wọ́n kọ ọ́ sínú lẹ́tà náà, pẹ̀lú àjẹmọ́nú iṣẹ́ alẹ́. Bí wọ́n bá ní “a ó máa wò ó”, sọ fún wọn tìfẹ́tìfẹ́ pé ìwọ náà á máa wò ó ní kóòtù títí lẹ́tà yóò fi jáde.