Ta Ni Ó Gbé Ṣáínà Sí Àárín Ayé?

ÌBÉÈRÈ: Olóòtú, ẹ kú iṣẹ́ o. Mo gbọ́ pé àwọn àlùfáà Ìjọ Àgùdà tí wọ́n ń pè ní Jesuit ya máàpù ayé fún àwọn ará Ṣáínà, wọ́n sì fi ilẹ̀ náà sí àárín gbùngbùn. Ṣé wọn kò fi irọ́ tan ọba ibẹ̀ báyìí? — Òǹkàwé yín, Ìbàdàn.

ÌDÁHÙN: Ọgbọ́n ni, kì í ṣe irọ́. Matteo Ricci, àlùfáà Jesuit kan tí ó jẹ́ ọmọ ilẹ̀ Ítálì, gbé máàpù kan tí ó wá láti Yúróòpù kọ́ sí ilé rẹ̀ ní Zhaoqing, ìlú kan ní gúúsù Ṣáínà, ṣùgbọ́n kò dùn mọ́ àwọn ìjòyè tí ó ń wá kí i pé etí ìlà-oòrùn ni wọ́n ju ilẹ̀ àwọn sí. Ní ọdún 1584, ó ya tirẹ̀ ní èdè Ṣáínà. Ayé rí roboto bí ọsàn, ẹni tí yóò bá sì tẹ́ èèpo ọsàn pẹrẹsẹ kò ní ṣàì kọ́kọ́ yan ibi tí yóò ti là á. Òkun Àtìláńtíìkì ni Ricci ti la tirẹ̀, ni Yúróòpù àti Áfíríkà fi bọ́ sí apá òsì, tí Amẹ́ríkà sì bọ́ sí apá ọ̀tún.

Síbẹ̀, Ṣáínà kò bọ́ sí àárín gan-an. Nínú èyí tí òun àti ọ̀mọ̀wé Li Zhizao gbé jáde ní Beijing ní ọdún 1602, tí wọ́n fi pákó gbígbẹ́ tẹ̀ sórí abala bébà mẹ́fà, tí ó sì fẹ̀ ju mítà 3 lọ, Òkun Pàsífíìkì ni ó gba àárín. Ọ̀mọ̀wé kan tí ń jẹ́ Wei Jun tilẹ̀ bínú pé wọ́n sún ilẹ̀ òun sí ìwọ̀-oòrùn díẹ̀, wọ́n sì tì í sí àríwá. (Liweiya ni wọ́n pe Áfíríkà tiwa níbẹ̀, láti ara Libya, orúkọ tí àwọn Gíríìkì àtijọ́ fún un.)

Bí ẹ bá ń wá ohun tí kì í ṣe òótọ́, ìsàlẹ̀ ni kí ẹ wò: ilẹ̀ ńlá kan gba gbogbo gúúsù ayé, tí ẹnikẹ́ni kò rí rí, láti inú máàpù àwọn ará Yúróòpù fúnra wọn ni Ricci sì ti dà á kọ.

Ní ti Ọba Wanli, tí ó ń jọba Ṣáínà nígbà náà, Ricci kò fojú kàn án rí títí ó fi kú ní ọdún 1610. Ọba náà ni ó ránṣẹ́ ní ọdún 1608 pé kí wọ́n fún òun ní ẹ̀dà máàpù náà.