Ṣé òótọ́ ni pé afẹ́fẹ́ ló ń pèsè iná fún ìpínlẹ̀ Iowa ní Amẹ́ríkà?

Òótọ́ ni, àmọ́ kì í ṣe gbogbo rẹ̀. Lọ́dún 2023, nǹkan bí ìdá 59 nínú ọgọ́rùn-ún iná mànàmáná tí wọ́n pèsè ní Iowa ló wá láti ara afẹ́fẹ́. Kò sí ìpínlẹ̀ mìíràn ní Amẹ́ríkà tó tó bẹ́ẹ̀ lọ́dún náà. Èédú ló tẹ̀lé e, rélùwéè ló sì ń kó o wá láti ìpínlẹ̀ Wyoming. Ní nǹkan bí ogún ọdún sẹ́yìn, èédú yìí gan-an ló ń pèsè èyí tó pọ̀ jù.

Kí ló yí i padà? Lọ́dún 1983, Iowa ṣòfin pé kí àwọn iléeṣẹ́ iná ńláńlá máa ra díẹ̀ lára iná tó ń wá láti ara ohun tí kì í tán nílẹ̀, irú bí afẹ́fẹ́. Òun ló kọ́kọ́ ṣe irú òfin bẹ́ẹ̀ ní Amẹ́ríkà. Ẹ̀dínwó owó orí látọ̀dọ̀ ìjọba àpapọ̀ wá kún un. Lójú tèmi, owó ilẹ̀ ló jẹ́ káwọn àgbẹ̀ gbà á tọwọ́tẹsẹ̀: iléeṣẹ́ ń san owó lọ́dọọdún lórí ibi tí ẹ̀rọ alábẹ̀bẹ̀ tí afẹ́fẹ́ ń yí láti pèsè iná dúró sí, àgbẹ̀ sì ń gbin àgbàdo àti sóyà títí dé ẹsẹ̀ rẹ̀.

Tí afẹ́fẹ́ bá rọlẹ̀, gáàsì, èédú àti wáyà tó so wọ́n mọ́ àwọn ìpínlẹ̀ yòókù ló ń gbà wọ́n. Iná oòrùn ṣì kéré. Iléeṣẹ́ núkílíà kan ṣoṣo tí wọ́n ní, Duane Arnold, ti kógbá sílé lọ́dún 2020 lẹ́yìn tí ìjì bà á jẹ́, àmọ́ wọ́n ti ń múra láti tún un ṣí.