Kí ni Socrates ń wá tó fi jẹ́ pé ìbéèrè ló máa ń bi àwọn ènìyàn?

Ìbéèrè tí ẹnìkan bi mí nìyí: wọ́n ní Socrates, àgbà ọlọ́gbọ́n ilẹ̀ Gíríìsì ayé àtijọ́, kì í kọ́ni lẹ́kọ̀ọ́ kankan, ìbéèrè ló máa ń bi ènìyàn. Kí ni ìtumọ̀ àṣà yẹn? Ṣé ó ti mọ ìdáhùn tẹ́lẹ̀ tó kàn ń dán wọn wò ni, àbí ṣe ló fẹ́ dójú tì wọ́n? Ẹni tó béèrè náà ní olùkọ́ òun kan lò ó fún àwọn ní kíláàsì, ìtìjú nìkan lòun sì rí gbé kúrò níbẹ̀.

Ẹ pẹ̀lẹ́ o. Lójú tèmi, ohun tí olùkọ́ yẹn ṣe kò yẹ ní ohun tí à ń fi orúkọ Socrates pè. Bí olùbéèrè bá ti ní ìdáhùn lápò, tó wá ń ṣọ́ yín kí ẹ gbà á tàbí kí ẹ ṣì í, àlọ́ àpamọ̀ ló ń pa fún yín. Nínú àlọ́, ẹni tó pa á ló ni ìdáhùn. Nínú ìjíròrò Socrates, ẹni tí à ń bi ní ìbéèrè ló ni gbogbo ọ̀rọ̀. Òun ló sọ ọ́, òun ló gbà pé bẹ́ẹ̀ ni, òun náà ni yóò sì rí i pé ohun tí òun sọ láàárọ̀ ń ta ko ohun tí òun gbà lọ́sàn-án. Ẹlòmíràn kò dá a lẹ́bi. Ẹnu ara rẹ̀ ló ti jáde.

Ọmọ Áténì pọ́ńbélé ni Socrates. Nǹkan bí ọdún 470 ṣáájú ìbí Kristi ni wọ́n bí i, ọdún 399 ni ìlú rẹ̀ sì fi májèlé pa á. Oníṣẹ́ òkúta ni bàbá rẹ̀, Sophroniscus; agbẹ̀bí ni ìyá rẹ̀, Phaenarete. Kò kọ ìwé kankan. Ohun tí a mọ̀ nípa rẹ̀, ọ̀dọ̀ àwọn tó tẹ̀ lé e la ti gbọ́ ọ, pàápàá Plato àti Xenophon. Inú ọjà, ibi tí àwọn onípàṣípààrọ̀ owó tẹ́ tábìlì sí, àti ibi tí àwọn ọ̀dọ́ ti ń ṣe eré ìdárayá, ni ó ti máa ń bá ènìyàn sọ̀rọ̀. Kì í gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, nígbà tí àwọn olùkọ́ ọ̀rọ̀ sísọ bíi Protagoras ń gba owó ńlá lọ́wọ́ àwọn ọmọ olówó.

Bí Plato ṣe ròyìn rẹ̀, ọ̀dọ̀ òrìṣà ni ọ̀rọ̀ náà ti bẹ̀rẹ̀. Ọ̀rẹ́ Socrates kan, Chaerephon, lọ sí ojúbọ Apollo ní Delphi, ó béèrè bóyá ẹnìkan wà tó gbọ́n ju Socrates lọ. Wọ́n ní kò sí. Ọ̀rọ̀ náà rú Socrates lójú, nítorí ó mọ̀ pé òun kò gbọ́n nínú ohun ńlá tàbí kékeré. Ló bá ń kiri. Ó lọ bá àwọn olóṣèlú, ó lọ bá àwọn akéwì, ó lọ bá àwọn oníṣẹ́ ọwọ́. Àwọn akéwì kò lè ṣàlàyé ewì tí wọ́n fi ẹnu ara wọn ké. Àwọn oníṣẹ́ ọwọ́ mọ iṣẹ́ wọn lóòótọ́, ṣùgbọ́n nítorí pé wọ́n mọ̀ ọ́n, wọ́n rò pé àwọn mọ gbogbo nǹkan pàtàkì mìíràn. Ó wá yé e pé ibi kan ṣoṣo tí òun fi jù wọ́n lọ ni pé òun kò ka ohun tí òun kò mọ̀ sí ohun tí òun mọ̀.

Ẹ jẹ́ ká wo ọ̀kan nínú àwọn ìjíròrò Socrates tí Plato kọ sílẹ̀ dáadáa, èyí tó bá ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Euthyphro ṣe. Ìdí ẹjọ́ ni àwọn méjèèjì ti pàdé, lẹ́nu ọ̀nà adájọ́ tó ń rí sí ọ̀ràn ẹ̀sìn. Wọ́n ti fẹ̀sùn kan Socrates pé kò bọ̀wọ̀ fún àwọn òrìṣà ìlú. Euthyphro ní tirẹ̀, bàbá tó bí i lọ́mọ ló wá pè lẹ́jọ́ ìpànìyàn. Alágbàṣe kan ló mutí yó ní oko wọn ní erékùṣù Naxos, ó sì pa ẹrú ilé kan. Bàbá dì í tọwọ́ tẹsẹ̀, ó jù ú sí kòtò, ó wá rán ènìyàn sí Áténì láti béèrè ohun tó yẹ ní ṣíṣe. Kí ìránṣẹ́ tó padà dé, ebi àti òtútù ti pa alágbàṣe náà. Àwọn ẹbí ní èèwọ̀ ni kí ọmọ pe bàbá rẹ̀ lẹ́jọ́. Euthyphro ní àwọn ni wọn ò mọ̀ràn òrìṣà, òun mọ̀ ọ́n dénú.

Socrates ní: ó dáa, kọ́ mi kí n mọ̀ ọ́n, kí ni ìwà mímọ́? Euthyphro dáhùn pé ohun tí òun ń ṣe yìí gan-an ni, kí a pe ẹni tó ṣẹ̀ lẹ́jọ́, ì báà ṣe bàbá ẹni. Socrates ní àpẹẹrẹ kan lo mú wá yẹn. Ohun tó mú kí gbogbo ìwà mímọ́ jẹ́ mímọ́ ni mo ń béèrè. Euthyphro ní ohun tí àwọn òrìṣà fẹ́ ni. Socrates ní: àbí o gbà pé àwọn òrìṣà máa ń jà? Mo gbà. Kí ni wọ́n ń jà lé lórí? Bí èmi àti ìwọ bá ń jiyàn lórí iye nǹkan, ṣe la máa kà á; bó bá jẹ́ ìwúwo ni, a óò wọ̀n ọ́n. Ọ̀rọ̀ ohun tó tọ́ àti ohun tí kò tọ́ ló ń dá ìjà sílẹ̀, àbí? Bẹ́ẹ̀ ni. A jẹ́ pé ohun tí òrìṣà kan fẹ́, òmíràn kórìíra rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni. A jẹ́ pé ohun kan náà jẹ́ mímọ́, ó sì tún jẹ́ àìmọ́?

Euthyphro tún ọ̀rọ̀ rẹ̀ ṣe: ohun tí gbogbo òrìṣà pátá fẹ́ ni. Ibẹ̀ ni Socrates ti bi í ní ìbéèrè tí àwọn onímọ̀ ṣì ń jà lé lórí di òní: ṣé nítorí pé nǹkan náà jẹ́ mímọ́ ni àwọn òrìṣà ṣe fẹ́ ẹ, àbí fífẹ́ tí wọ́n fẹ́ ẹ ló sọ ọ́ di mímọ́? Euthyphro ní nítorí pé ó jẹ́ mímọ́ ni. Bó bá rí bẹ́ẹ̀, fífẹ́ tí òrìṣà fẹ́ ẹ kọ́ ni ìdí tó fi jẹ́ mímọ́, a ò sì tíì mọ ohun tí ìdí náà jẹ́. Nígbà tó yá, Euthyphro ní òun ń kánjú lọ síbì kan, ó sì bá tirẹ̀ lọ.

Ibẹ̀ ló parí sí. Ọ̀pọ̀ ènìyàn tó bá kà á dé ibẹ̀ a máa bínú pé Socrates kò sọ ìdáhùn. Ṣùgbọ́n ẹ tún un wò. Ọkùnrin kan fẹ́ fi ẹ̀mí bàbá rẹ̀ sínú ewu nítorí ìmọ̀ kan, wọ́n sì ti fi hàn án, pẹ̀lú ọ̀rọ̀ ẹnu ara rẹ̀, pé kò ní ìmọ̀ náà. Ó ṣòro fún mi láti rí ohun tí ènìyàn lè ṣe fún ọmọnìkejì rẹ̀ ní irú wákàtí bẹ́ẹ̀ tó wúlò jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Bó ṣe ń ṣiṣẹ́ nìyẹn, àwọn Gíríìkì sì ń pe ìdánwò ọ̀rọ̀ yìí ní elenchos. Ẹnìkan á sọ ohun tó dá a lójú. Olùbéèrè á gba nǹkan méjì mẹ́ta mìíràn lẹ́nu rẹ̀, nǹkan tí ẹni náà fúnra rẹ̀ kò jẹ́ sẹ́. Á wá kó wọn pọ̀, á fi hàn án pé wọn ò lè jẹ́ òótọ́ pa pọ̀. Kò sọ fún un èyí tí yóò jù nù. Nínú Laches, ìjíròrò mìíràn tí Plato kọ, ọ̀gágun kan ní ìgboyà ni kí ènìyàn má kúrò ní ipò rẹ̀ lójú ogun. Socrates rán an létí àwọn ará Scythia tí wọ́n máa ń jà bí wọ́n ṣe ń sá lọ, àti àwọn ọmọ ogun Sparta ní Plataea tí wọ́n kọ́kọ́ fẹ̀yìn rìn kí wọ́n tó yíjú padà ṣẹ́gun. Ọ̀gágun ni, ó mọ ìtàn ogun, kò lè sẹ́ ẹ.

Àṣà náà ní òfin tirẹ̀. Èkíní, kí ìdáhùn ṣe ṣókí. Nígbà tí Protagoras bẹ̀rẹ̀ sí í gbé àlàyé gígùn kalẹ̀, Socrates ní bí kò bá lè gé e kúrú, òun ń lọ. Èkejì ló ṣe pàtàkì jù, pé ohun tí o gbàgbọ́ gan-an ni kí o sọ, má dáhùn kí ó lè dùn mọ́ mi. Bí ẹnìkan bá ń sọ ohun tí kò gbàgbọ́, kò sí ẹni tí à ń yẹ̀ wò mọ́. Socrates kò sì yọ ara rẹ̀ sílẹ̀: ó sọ fún Gorgias, olùkọ́ ọ̀rọ̀ sísọ mìíràn, pé inú òun máa ń dùn bí wọ́n bá fi hàn òun pé òun ṣì í, àní ju kí òun fi hàn ẹlòmíràn lọ, nítorí èrè ńlá ni kí wọ́n yọ ènìyàn kúrò nínú àṣìṣe tó burú.

Ọ̀rọ̀ ìtìjú tí ẹ sọ ńkọ́? Kì í ṣe irọ́ pé ó wà níbẹ̀. Nínú ìjíròrò tí Plato fi orúkọ Meno pè, Meno, tó ń bá Socrates jiyàn lórí ìwà rere, fi Socrates wé ẹja òkun kan tó máa ń mú kí ara ẹni tó bá fọwọ́ kàn án kú tìpìrì. Ó ní ẹnu òun àti ọkàn òun ti kú, bẹ́ẹ̀ òun ti sọ̀rọ̀ nípa ìwà rere níwájú èrò láìmọye ìgbà. Socrates wá pe ọ̀dọ́mọkùnrin kan nínú àwọn ẹrú Meno. Ó ya onígun mẹ́rin ọgbọọgba tí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà 2, inú rẹ̀ wá jẹ́ 4. Ó ní: báwo ni ẹ̀gbẹ́ èyí tó tóbi ní ìlọ́po méjì, ìyẹn 8, yóò ṣe gùn tó? Ọmọ náà ní ẹsẹ̀ bàtà 4. Wọ́n yà á, wọ́n kà á, ó jẹ́ 16. Ó ní ẹsẹ̀ bàtà 3. Wọ́n kà á, ó jẹ́ 9. Ọmọ náà wá búra pé òun kò mọ̀ ọ́n. Socrates kọjú sí Meno: ṣé a pa á lára báyìí? Ṣáájú, ó rò pé òun mọ̀, kò sì lè wá a. Ní báyìí, ó ti mọ̀ pé òun kò mọ̀, yóò fẹ́ mọ̀. Lẹ́yìn èyí ni wọ́n fa ìlà láti igun kan dé igun tó dojú kọ ọ́, ọmọ náà sì rí i pé orí ìlà yẹn ni onígun mẹ́rin tó jẹ́ 8 dúró lé. (Mo gbà pé Socrates fi ìbéèrè rẹ̀ tọ́ ọ sọ́nà gan-an ní apá ìkẹyìn yìí, àwọn tó sì fi ẹ̀sùn yẹn kàn án kò jẹ̀bi.)

Nítorí náà, ipò "mi ò mọ̀" tí ẹ bá ara yín ní kíláàsì kọ́ ni àléébù. Àléébù ni pé olùkọ́ fi yín sílẹ̀ síbẹ̀, kò bá yín wá a. Irú ìbéèrè kíláàsì yẹn, ilé ẹ̀kọ́ òfin ni ọ̀pọ̀ rẹ̀ ti wá: láti 1870, Christopher Columbus Langdell ní Harvard bẹ̀rẹ̀ sí í bi àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní ìbéèrè lórí ẹjọ́ tí wọ́n ti kà dípò kó máa ka àkọsílẹ̀ sí wọn létí. Ó wúlò fún àwọn agbẹjọ́rò, ṣùgbọ́n olùkọ́ ibẹ̀ mọ ibi tó ń lọ.

Ṣé Socrates náà mọ ibi tó ń lọ? Nínú Republic, ìwé ńlá Plato kan, olùkọ́ ọ̀rọ̀ sísọ kan tó ń jẹ́ Thrasymachus fẹ̀sùn kàn án pé ó ń díbọ́n ni. Èrò tèmi ni pé ó ní ohun tó dá a lójú, pé ó sàn kí wọ́n ṣe ibi sí ènìyàn ju kí òun ṣe é lọ, ó sì kú lórí rẹ̀. Ṣùgbọ́n ìtumọ̀ ìwà mímọ́ tàbí ìgboyà, kò ní in nípamọ́. Àwọn ọ̀dọ́ tó ń tẹ̀ lé e bẹ̀rẹ̀ sí í fara wé e, wọ́n ń da ìbéèrè bo àwọn àgbà, àwọn àgbà sì dá ìbínú wọn lé Socrates. Meletus, Anytus àti Lycon ló wá pè é lẹ́jọ́.

Ẹlòmíràn lè béèrè bóyá ó bá Ifá tan. Ọ̀jọ̀gbọ́n Sophie Olúwọlé, tó kọ́ni ní fìlọ́sọ́fì ní Yunifásítì Èkó, tẹ ìwé kan jáde ní 2014 tó fi Socrates àti Ọ̀rúnmìlà wéra, nítorí àwọn méjèèjì kò fi ìwé tí wọ́n fọwọ́ ara wọn kọ sílẹ̀. Ó yẹ kí ẹ kà á. Ibi tí mo rò pé wọ́n ti yà ni pé ẹsẹ Ifá wà fún ẹni tó wá béèrè. Socrates kò ní ẹsẹ kankan láti kì fún ẹnikẹ́ni.

Bí ẹ bá fẹ́ gbìyànjú rẹ̀ fúnra yín, ẹ bẹ̀rẹ̀ láti orí Euthyphro, kò gùn rárá. Bí Socrates bá ti béèrè, ẹ fi ọwọ́ bo ìdáhùn, kí ẹ sọ tiyín ná kí ẹ tó ka ti Euthyphro. Laches ló kàn, lẹ́yìn náà Meno. Ẹ fi Republic sílẹ̀ di ìkẹyìn, nítorí láti apá kejì rẹ̀ lọ, àlàyé tí Socrates ń ṣe níbẹ̀ ti pọ̀ ju ìbéèrè lọ.